Bí A Ṣe Lè Wo Eré Raskolnikov Kí Ọ̀rọ̀ Inú Rẹ̀ Má Baà Fò Wá Ru

Ẹ kọ́kọ́ pinnu èyí tí ẹ fẹ́ wò nínú àwọn eré tẹlifíṣọ̀n tí wọ́n ṣe láti inú Crime and Punishment, ìtàn àròsọ tí Fyodor Dostoevsky gbé jáde ní ọdún 1866. Ti BBC ní ọdún 2002 jẹ́ apá méjì péré, John Simm ni ó sì ṣe Raskolnikov, ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó pa arúgbó kan nínú ìtàn náà. Ti Rọ́ṣíà ní ọdún 2007, tí Dmitry Svetozarov darí, tí Vladimir Koshevoy sì jẹ́ aṣáájú òṣèré rẹ̀, jẹ́ apá mẹ́jọ. Ti Rọ́ṣíà ni mo fara mọ́, nítorí pé díẹ̀díẹ̀ ni ẹ̀bi ń jẹ ọkùnrin yìí lọ́kàn, apá méjì kò sì lè gbà á.

Kí ẹ tó tan tẹlifíṣọ̀n, ẹ ka ìpín kìíní ìwé náà tán. Ibẹ̀ ni ẹ ó ti rí i pé Raskolnikov ti ka ìṣísẹ̀ láti ẹnu géètì ilé tí ó ń gbé dé ilé arúgbó tí í gba ìdógò, tí ó jẹ́ 730 géérégé. Pé ó ya ṣẹ́ẹ̀tì gbígbó kan, ó sì rán ọ̀já rẹ̀ sí inú ẹ̀wù àwọ̀lékè lábẹ́ apá, kí ó lè fi àáké kọ́ síbẹ̀. Pé pákó àti irin pẹlẹbẹ ni ó fi bébà wé bí ìdógò, tí ó sì fi òwú dì pinpin kí arúgbó náà lè pẹ́ kí ó tó tú u. Nígbà náà ni ẹ ó mọ ohun tí ó dé bá a nígbà tí Lizaveta, àbúrò arúgbó náà, ṣàdédé wọlé, tí ó sì pa òun náà, ẹni tí kò sí nínú ètò rẹ̀ rárá.

Láti ibẹ̀ lọ, ojú lọ̀rọ̀ wà. Ẹ wo bí ó ṣe dákú ní àgọ́ ọlọ́pàá, níbi tí wọ́n pè é lọ nítorí gbèsè tí ó jẹ onílé, kìkì pé ó gbọ́ tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ ìpànìyàn náà. Ìgbà tí òun àti Porfiry tí ó ń ṣe ìwádìí bá jókòó, ẹ wò ó lẹ́ẹ̀mejì: ní ìgbà àkọ́kọ́, ẹ ka ìtumọ̀ tí ó ń lọ lábẹ́ àwòrán, ní ìgbà kejì, ẹ má ka nǹkan kan, ojú àwọn méjèèjì nìkan ni kí ẹ máa wò, pàápàá nígbà tí Raskolnikov bá béèrè pé ta ni apànìyàn náà, tí Porfiry sì rọra dá a lóhùn pé Raskolnikov fúnra rẹ̀ ni.

Ẹ fara balẹ̀ dé gbàgede ọjà Sennaya, níbi tí ó ti kúnlẹ̀ fi ẹnu ko ilẹ̀ gẹ́gẹ́ bí Sonya, ọ̀dọ́mọbìnrin tí ó jẹ́wọ́ fún, ti ní kí ó ṣe, tí àwọn èrò sì ń fi í rẹ́rìn-ín pé ọtí ni ó yó. Sonya ní kí ó kígbe pé òun pànìyàn. Ẹ tẹ́tí bóyá ọ̀rọ̀ náà jáde nínú eré tí ẹ ń wò. Nínú ìwé, ọ̀fun rẹ̀ ni ó há sí.