Bí Ẹ Ṣe Lè Mú Ọmọ Lọ Wo Arsenal àti Tottenham Ti Àwọn Obìnrin

Ẹni tí ó bá ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù, tí ó sì ní ọmọbìnrin tí ó ń gbá bọ́ọ̀lù ní ilé ìwé, bó pẹ́ bó yá, ọmọ náà yóò ní kí wọ́n mú òun lọ wo ọjọ́ tí àwọn obìnrin Arsenal àti ti Tottenham bá fẹ́ pàdé. Irú òbí bẹ́ẹ̀ ni mo kọ àlàyé yìí fún, àti fún àǹtí tàbí ẹ̀gbọ́n tí wọ́n bá gbé ẹrù náà lé lọ́rùn, gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti gbé e lé èmi náà lọ́rùn. Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni mo ti mú ọmọ ẹ̀gbọ́n mi lọ sí pápá, mo sì ti ṣi ọ̀nà, mo ti jókòó sí ibi tí kò yẹ kí n jókòó sí, mo ti gbàgbé ìbọ̀wọ́ ọmọ sílé nínú òtútù, nítorí náà ẹ jẹ́ kí ìyà tí ó ti jẹ mí tó fún gbogbo wa.

Kí ẹ tó ra tíkẹ́ẹ̀tì, ẹ kọ́kọ́ mọ ohun tí ó fa ìjà láàárín ẹgbẹ́ méjèèjì, torí ọmọ yóò bi yín léèrè. Àwọn ọkùnrin ni ó dá a sílẹ̀. Woolwich, ní ìhà gúúsù odò Thames, ni Arsenal wà tẹ́lẹ̀. Ní ọdún 1913 ni wọ́n kó ẹrù wọn sọdá wá sí Highbury, níbi tí kò ju nǹkan bí máìlì mẹ́rin lọ sí ilé Tottenham tí ó ti wà níbẹ̀ ṣáájú wọn. Ẹni tí ó bá dàgbà nínú agboolé mọ bí ọkàn ìyáálé ti í rí ní ọjọ́ tí wọ́n bá mú orogún wọlé. Nígbà tí ó di ọdún 1919, tí wọ́n fẹ́ fi ẹgbẹ́ kún àwọn tí ó wà ní ìpele kìíní líìgì, ìbò ni wọ́n dì: Arsenal, tí ó ti ìpele kejì wá, ní ìbò 18, Tottenham ní ìbò 8, Tottenham sì já sílẹ̀ sí ìpele kejì. Láti ọjọ́ náà ni àwọn méjèèjì kò ti rí ara wọn sójú mọ́.

Ṣùgbọ́n ẹ má ṣe dá ọ̀rọ̀ dúró síbẹ̀, nítorí pé àṣìṣe tí ọ̀pọ̀ àgbàlagbà ń ṣe nìyẹn. Wọn a gbé gbogbo ìbínú àwọn ọkùnrin, wọn a dà á lé àwọn obìnrin lórí, wọn kò sì ní rí ohun tí ó wà níwájú wọn gan-an. Ìtàn ti àwọn obìnrin dá dúró. Ní ọdún 1987 ni Vic Akers dá ẹgbẹ́ obìnrin Arsenal sílẹ̀, nígbà tí ó di 2007, wọ́n ti gba ife-ẹ̀yẹ ilẹ̀ Yúróòpù, kò sì sí ẹgbẹ́ obìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan tí ó ti gbà á rí ṣáájú wọn. Àwọn ti Tottenham, ẹ̀yìn òde ìlú ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1985 gẹ́gẹ́ bí ẹgbẹ́ kékeré tí wọ́n ń pè ní Broxbourne Ladies. Ẹ̀yìn náà ni wọ́n tó wá ń jẹ́ orúkọ Tottenham, ọdún 2019 ni wọ́n sì tó gòkè dé líìgì tí ó ga jù lọ. Ẹ fojú inú wo ọ̀nà tí ó wà láàárín wọn. Ní ìdíje ife FA ti ọdún 2017, àmì ayò mẹ́wàá sí òdo ni Arsenal fi na Tottenham.

Mẹ́wàá sí òdo! Bí ẹ bá sọ fún ọmọ, yóò rẹ́rìn-ín. Ẹ jẹ́ kí ó rẹ́rìn-ín tán, kí ẹ tó wá fi ìyókù tì í. Ní ọjọ́ 17 oṣù kọkànlá ọdún 2019, àwọn méjèèjì pàdé fún ìgbà àkọ́kọ́ ní líìgì gíga, nínú pápá ńlá tuntun ti Tottenham, ènìyàn 38,262 ni ó sì wá wò wọ́n. Kò sí ìdíje líìgì àwọn obìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó ti kó irú èrò bẹ́ẹ̀ jọ rí nígbà náà. Kim Little gbá ọ̀kan wọlé, Vivianne Miedema gbá èkejì, Arsenal borí. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2021, ìṣẹ́jú àfikún ni Miedema tó dá ọ̀kan padà tí wọ́n fi ta ọ̀mì, ọ̀kan sí ọ̀kan, ọ̀mì yẹn sì dùn mọ́ àwọn ará Tottenham nínú, ó sì tún dùn wọ́n. Nígbà tí ó wá di ọjọ́ 16 oṣù kejìlá ọdún 2023, Martha Thomas gbá ẹyọ ọ̀kan wọlé, Votíková tí ó ń ṣọ́ ilé wọn kò jẹ́ kí ìkankan wọlé, Tottenham sì na Arsenal fún ìgbà àkọ́kọ́. Láti mẹ́wàá sí òdo dé ibẹ̀, kò pé ọdún méje. Bí ẹ bá ti mọ èyí, ẹ ti mọ bí a ṣe ń wò ó: Arsenal ń gbá bọ́ọ̀lù kí ipò má bàa bọ́ lọ́wọ́ wọn, Tottenham ń gbá a láti fi hàn pé àwọn kì í ṣe ọmọdé mọ́. Ohun tí ẹgbẹ́ kan pè ní ọ̀mì lásán, ẹgbẹ́ kejì lè lọ fi ṣe ìnáwó.

Ó dára, ẹ jẹ́ kí a lọ sí pápá. Ìbéèrè kìíní kì í ṣe iye owó, ibi tí wọ́n ti fẹ́ gbá a ni. Èmi ni kí ẹ bi. Ní ọjọ́ kan tí àwọn obìnrin Tottenham ń gbàlejò ẹgbẹ́ mìíràn, mo wọ ọkọ̀ ojú irin pẹ̀lú ọmọ, a sọ̀ ní White Hart Lane, a rìn dé iwájú pápá ńlá náà, gbogbo ilẹ̀kùn wà ní títì. Ọkùnrin kan tí ó ń gbálẹ̀ wò wá láti òkè délẹ̀, ó ní, "Leyton ni wọ́n wà o." Ọmọ náà kò bá mi sọ̀rọ̀ títí a fi dé ibẹ̀, ìdajì àkọ́kọ́ sì ti parí. Àlàyé rẹ̀ ni pé Brisbane Road, pápá tí Leyton Orient ń lò, ni àwọn obìnrin Tottenham ti máa ń gbá èyí tí ó pọ̀ jù nínú ìdíje tí wọ́n bá gbàlejò, ìgbà tí ìdíje bá tóbi ni wọ́n máa ń ṣí pápá ńlá fún wọn. Bákan náà ni àwọn obìnrin Arsenal ti pẹ́ ní Meadow Park ní Boreham Wood kí wọ́n tó kó ìdíje líìgì wọn wá sí Emirates, pápá ńlá Arsenal. Nítorí náà, ẹ wo ibi tí wọ́n kọ sára tíkẹ́ẹ̀tì gan-an, kí ẹ sì tún un wò ní òwúrọ̀ ọjọ́ náà. Bí ó bá jẹ́ Brisbane Road, ibùdókọ̀ Leyton lórí ìlà Central ni kí ẹ sọ̀. Bí ó bá jẹ́ Emirates, ìlà Piccadilly ní ibùdókọ̀ kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Arsenal gan-an, kò sì sẹ́ni tí ó lè sọnù níbẹ̀.

Lórí ìkànnì ẹgbẹ́ tí ó ń gbàlejò ni kí ẹ ti ra tíkẹ́ẹ̀tì, kì í ṣe lọ́wọ́ ẹni tí ó dúró lẹ́bàá ọ̀nà. Owó rẹ̀ kò sún mọ́ ti àwọn ọkùnrin rárá, ti ọmọdé sì tún kéré sí ti àgbà. Ẹ má rò pé nítorí pé ó pọ́ọ́kú, yóò máa dúró dè yín: ní ọjọ́ 3 oṣù kẹta ọdún 2024, ènìyàn 60,050 ni ó kún Emirates láti wo ìdíje yìí kan náà. Inú fóònù ni tíkẹ́ẹ̀tì máa ń wà. Ẹ gba agbára sínú fóònù dáadáa kí ẹ tó kúrò nílé, ẹ má sì gbé e fún ọmọ láti fi ṣeré nínú ọkọ̀. Àwọn ilé ìtajà inú Emirates àti inú pápá ńlá Tottenham kì í gba owó bébà, káàdì ni wọ́n ń gbà. Wọn kò sì ní jẹ́ kí ẹ gbé báàgì tí ó bá tóbi ju ìwé A4 lọ wọlé, nítorí náà kúlà jọ̀lọ́ọ̀fù tí màmá bá dì fún yín, ilé ni kí ó ti dúró dè yín.

Ibi tí ẹ óò jókòó sí gba ìrònú. Ẹgbẹ́ tí ó ń gbàlejò ni ó ni èyí tí ó pọ̀ jù nínú ìjókòó, wọn a sì ya igun kan sọ́tọ̀ fún àwọn àlejò. Ẹni tí ó bá wọ aṣọ funfun tí àkùkọ Tottenham wà láyà rẹ̀ lọ jókòó sáàárín àwọn tí ó wọ pupa oníbọn àgbá ti Arsenal, ẹjọ́ ara rẹ̀ ni. Òótọ́ ni pé èrò àwọn obìnrin rọ̀ ju ti àwọn ọkùnrin lọ, pé ìdílé ni ó pọ̀ níbẹ̀, pé ẹ óò rí ọmọ ọwọ́, ẹ óò sì rí ìyá àgbà. Síbẹ̀, ìfigagbága ni, kì í ṣe ọjọ́ ìbí. Ní tiwa, bàbá ọmọ náà jẹ́ alátìlẹ́yìn Tottenham, ọmọ fúnra rẹ̀ jẹ́ ti Arsenal, nígbà tí a bá sì lọ pọ̀, bàbá yóò wọ kóòtù dúdú, yóò pa ẹnu mọ́. Ní ìgbà kan tí Tottenham fẹ́rẹ̀ẹ́ gbá ọ̀kan wọlé, ó fò dìde, ó rántí ibi tí ó wà, ó sì ṣe bí ẹni pé ẹsẹ̀ ni ó ń nà. Gbogbo ìlà ìjókòó wa ni ó bú sẹ́rìn-ín.

Ọ̀pọ̀ òbí a máa wá ìjókòó tí ó sún mọ́ pápá jù lọ fún ọmọ. Èmi kò bá wọn gbà. Láti ìsàlẹ̀, ẹsẹ̀ ni ọmọ yóò máa rí, kò ní rí eré. Ẹ gòkè díẹ̀, kí ó lè máa rí bí àwọn mọ́kànlá ti ń ṣí kiri papọ̀. Ẹ wá ní kí ó mú agbábọ́ọ̀lù kan ṣoṣo, kí ó sì fi ìṣẹ́jú mẹ́wàá wo òun nìkan, yálà bọ́ọ̀lù wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀ tàbí kò sí. Mo ní kí tiwa ṣe bẹ́ẹ̀, ó mú ẹni tí ó ń gbá àárín, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í ka iye ìgbà tí ó ń wẹ̀yìn wò kí bọ́ọ̀lù tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Nígbà tí ó kà á dé mọ́kànlélógún, ó kọjú sí mi, ó ní, "Àǹtí, ìdí nìyẹn tí wọn kì í fi í gbà á lẹ́sẹ̀ rẹ̀." Olùkọ́ wọn ní ilé ìwé ti ń sọ ọ́ láti ọdún tí ó kọjá, kò wọ̀ ọ́ létí.

Àkókò ìsinmi ìdajì ni ó dára jù láti sọ ìtàn fún ọmọ. Ẹ sọ fún un pé ní ọdún 1921, àjọ bọ́ọ̀lù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe é ní òfin pé kí ẹgbẹ́ kankan tí ó wà lábẹ́ wọn má ṣe jẹ́ kí àwọn obìnrin gbá bọ́ọ̀lù nínú pápá rẹ̀, òfin náà sì wà fún nǹkan bí àádọ́ta ọdún, bẹ́ẹ̀ ni èrò bí 53,000 ti wá wo àwọn obìnrin ní pápá Goodison Park ní Liverpool ní ọdún tí ó ṣáájú. Ẹ sọ fún un nípa Leah Williamson, tí ó wọ ẹgbẹ́ àwọn ọmọdé Arsenal nígbà tí ó wà ní ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, tí ó sì di balógun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ má sì gbàgbé tiwa: Asisat Oshoala, ọmọ Ìkòròdú, ti wọ aṣọ pupa yẹn, ó sì wà nínú ẹgbẹ́ Arsenal tí ó gba ife FA ní ọdún 2016. Nígbà tí mo sọ èyí, ìyá kan tí ó jókòó sẹ́yìn wa tẹ mí léjìká, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un sọ kí tèmi náà gbọ́." Ará Ìkòròdú ni òun náà.

Ní ti orin, ẹ jẹ́ kí ọmọ kọ ọ́, ṣùgbọ́n kí ẹ kọ́kọ́ gbọ́ ọ fúnra yín, torí pé díẹ̀ nínú àwọn tí wọ́n yá lọ́wọ́ àwọn ọkùnrin kò yẹ ní ẹnu ọmọdé. Ẹni tí kò bá lè dé pápá lè wò ó lórí Sky Sports tàbí BBC, ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n sì máa ń pàdé ní líìgì ní sáà kan, ọ̀kan ní ilé ẹnì kọ̀ọ̀kan.

Bí rẹ́fírì bá ti fọn fèrè ìparí, ẹ má ṣe dìde pẹ̀lú èrò. Àwọn agbábọ́ọ̀lù obìnrin sábà máa ń rìn yí pápá ká láti kí àwọn tí ó wá wò wọ́n, iwájú níbi irin sì ni ọmọ yóò ti lè na ìwé àti bírò sí wọn. Ẹ mú bírò tí ó nípọn dání, torí pé tẹ́ẹ́rẹ́ kì í kọ̀wé lára aṣọ. Nígbà tí ẹ bá fi máa jáde lẹ́yìn nǹkan bí ìdajì wákàtí, ìlà àwọn tí ó ń dúró de ọkọ̀ ojú irin yóò ti dínkù, ẹ ó sì rí àyè jókòó títí dé ilé, bí ọmọ bá tilẹ̀ ti sùn lé yín léjìká.