Bí Ẹ Ṣe Lè Ya Fíìmù Ìlú Yín Bíi Ti Forman

Iṣẹ́ fídíò ni mò ń ṣe ní Ìpẹru. Ẹni tí mo máa ń ní káwọn ọmọ iṣẹ́ mi wo fíìmù rẹ̀ ni Miloš Forman, olùdarí fíìmù ọmọ Czech tí wọ́n bí nílùú kékeré Čáslav lọ́dún 1932.

Ẹ kọ́kọ́ wá ibi táwọn ará ìlú ti ń pàdé. Iléeṣẹ́ bàtà ní ìlú Zruč ni Forman lò fún fíìmù rẹ̀ ti 1965. Fún ti 1967, òde ijó àwọn panápaná ni, ní Vrchlabí, àwọn panápaná ìlú náà gan-an ló sì ṣeré níbẹ̀. Ohun tí mo fẹ́ràn jù nìyẹn. Ṣebí Sábó Ṣàgámù wà nítòsí wa, níbi táwọn olóbì wà.

Ẹ tọrọ àyè lọ́wọ́ ìyá olóbì kan. Ẹ má fún un ní ìwé kankan kà. Ẹ kàn sọ fún un pé oníbàárà tó le ń bọ̀ wá ná ọjà. Kó fi ẹnu Rẹ́mọ sọ̀rọ̀, ẹ má fi Yorùbá ilé ìwé dí i lọ́wọ́. Ẹ jìnnà díẹ̀, kẹ́ ẹ wá fa àwòrán súnmọ́ ọwọ́ rẹ̀: bó ṣe ń ṣa èyí tí kòkòrò ti jẹ kúrò, bó ṣe ń fi ewé tútù tẹ́ inú agbọ̀n.

Ẹ má fi àléébù ìlú pamọ́. Nínú fíìmù àwọn panápaná, wọ́n jí ẹ̀bùn tombólà, ìyẹn tẹ́tẹ́ oríire, kó níṣojú gbogbo èèyàn. Ìjọba ilẹ̀ Forman fòfin de fíìmù náà, àmọ́ ó ṣì wà títí dòní.