Bí mo ṣe tún lè ka ìwé fún wákàtí kan láìwo fóònù

Fún bí oṣù mẹ́rin, mi ò lè ka ojú ìwé méjì tán kí ọwọ́ mi tó lọ síbi fóònù. Màá ka ìpínrọ̀ kan lẹ́ẹ̀mẹta, kò ní wọlé. Ẹ̀rù bà mí gan-an.

Mo kọ́kọ́ pa ìró WhatsApp. Kò ràn mí lọ́wọ́, torí èmi fúnra mi ni mò ń lọ wò ó. Mo da ojú fóònù dé orí tábìlì. Ọjọ́ mẹ́ta péré ni ìyẹn fi ṣiṣẹ́.

Ohun tó wá ṣiṣẹ́ ni pé mo gbé e kúrò nínú yàrá pátápátá. Ní 2017, àwọn olùwádìí ní Yunifásítì Texas ní Austin rí i pé àwọn tí fóònù wọn wà ní yàrá mìíràn ṣe dáadáa nínú ìdánwò ju àwọn tí tiwọn wà lórí tábìlì lọ, bẹ́ẹ̀ wọ́n ti pa ìró gbogbo rẹ̀. Àwọn mìíràn tó tún un dán wò kò fi gbogbo ìgbà rí irú èsì yẹn, àmọ́ ó bá tèmi mu.

Mo ra aago tó ń jíni, torí fóònù ló ń jí mi tẹ́lẹ̀. Tó bá di aago mẹ́jọ alẹ́, fóònù á wà ní ilé ìdáná. Bébà àti bírò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi: ohun tó bá ń ṣe mí bíi kí n lọ wò, màá kọ ọ́ sílẹ̀. Ìṣẹ́jú 10 ni mo fi bẹ̀rẹ̀. Ọjọ́ márùn-ún àkọ́kọ́ le, ara mi ò balẹ̀ rárá. Ní ọ̀sẹ̀ kẹta, mo ka wákàtí kan gbáko.

Ẹni tó bá tún ń gbàgbé nǹkan, tàbí tí oorun ń dá lójú rẹ̀, kó lọ rí dókítà. Tèmi ò tó bẹ́ẹ̀.