Bí mo ṣe kọ kóòdù etí mẹ́rin, tí wọ́n sì dá ọ̀kan padà fún mi

Nọ́ọ̀sì ni mí nílé kí n tó dé Amẹ́ríkà, Ìbàdàn ni mo ti ṣiṣẹ́, ní báyìí Texas ni mo wà tí mò ń ṣe medical coding láti inú ilé. Màmá mi bi mí lórí fóònù pé iṣẹ́ wo gan-an nìyẹn, mo ní ẹ gbọ́ mà, à ń sọ àìsàn di nọ́ńbà kí ìnṣọ́ránsì lè sanwó fún dókítà, wọ́n ní "ọmọ mi, ṣé kì í ṣe tẹ́tẹ́?" Ẹ̀rín fẹ́ẹ̀ pa mí. Àmọ́ lọ́jọ́ tí mo ṣe ṣáàtì etí mẹ́rin tí mo fẹ́ sọ yìí, ìyẹn ohun tí dókítà kọ sílẹ̀ nípa aláìsàn mẹ́rin, tẹ́tẹ́ gan-an ì bá rọrùn jù ú lọ.

Klíníkì ọmọdé kan ló ni àwọn ṣáàtì náà. Kóòdù tí a ń lò níbí ni ICD-10-CM, ìyẹn àkójọ nọ́ńbà àìsàn, October 1, 2015 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ẹ̀, ICD-9 ló wà tẹ́lẹ̀. ICD-9 ò tiẹ̀ béèrè etí wo, 382.00 ni fún ọyún inú etí tí ìlù etí ò ya, 382.01 fún èyí tó ya, ó parí. Ní báyìí wọ́n fẹ́ mọ̀ bóyá ọ̀tún ni àbí òsì àbí méjèèjì, bóyá ìlù etí ya, bóyá ó ti ń ṣe é lemọ́lemọ́. Etí ìta wà ní H60, omi tó dúró sẹ́yìn ìlù etí tí ò ṣọyún wà ní H65, ọyún wà ní H66, egungun ẹ̀yìn etí ní H70. Nọ́ńbà tó gbẹ̀yìn ló sábà máa ń sọ etí wo, 1 ọ̀tún, 2 òsì, 3 méjèèjì. Àwa Yorùbá ló yẹ kí irú ẹ̀ yé jù ṣá, ṣebí àmì kékeré kan lábẹ́ o ló wà láàárín ọyún àti oyún, tẹ́ ẹ bá gbàgbé ẹ̀, ọmọ ọdún méjì ti lóyún sínú etí nìyẹn.

Ṣáàtì àkọ́kọ́ ò ní wàhálà. Ọmọ tó ń lúwẹ̀ẹ́ ni, dókítà kọ swimmer's ear, etí ọ̀tún, mo wá a nínú index, ibi tí wọ́n to orúkọ àìsàn sí, mo lọ yẹ̀ ẹ́ wò nínú tabular, ibi tí wọ́n to kóòdù fúnra wọn sí, H60.331, ó tán. Ẹ má fi index nìkan kọ kóòdù o, torí inú tabular ni wọ́n ti ń sọ pé "fi èyí kún un" tàbí "má fi èyí sí i", ibẹ̀ gan-an ni mo sì ti ṣubú nígbà tó yá.

Ìkejì, dókítà kọ AOM, left, ìyẹn acute otitis media, àìsàn inú etí tó dé lójijì, ti òsì. Àmọ́ níbi tó ti ṣàyẹ̀wò, ó kọ pé ìlù etí pọ́n, ó wú síta, òun sì rí ọyún lẹ́yìn ẹ̀. Ojú nọ́ọ̀sì mi ti rí i tán, suppurative, èyí tó ń ṣọyún, ni jàre, kí ló tún kù? Ọwọ́ mi ti wà lórí H66.002. Ṣùgbọ́n acute otitis media lásán, H66.9 ni index máa gbé yín lọ, ìyẹn unspecified, tí wọn ò sọ irú èyí tó jẹ́, àfi kí ọ̀rọ̀ bíi suppurative jáde lọ́wọ́ dókítà fúnra ẹ̀ kẹ́ ẹ tó lè dé H66.0. Ohun tó nira jù fún mi nínú iṣẹ́ yìí nìyẹn, ká sòótọ́, torí ọmọ tí etí ń dùn tí mo ti bá pàdé nílé ò lóǹkà, àwọn tí wọ́n ti da àdín gbígbóná sí létí kí wọ́n tó gbé wọn wá, kéèyàn wá jókòó síwájú kọ̀ǹpútà kó máa ṣe bí ẹni tí ò mọ nǹkan kan!

Mo fi ìbéèrè ránṣẹ́ sí dókítà. Ẹ ò sì lè kọ ọ́ pé "dókítà, ẹ jọ̀ọ́ ẹ fi suppurative sí i", ìyẹn ti di pé ẹ̀ ń fi ọ̀rọ̀ sí i lẹ́nu. Ohun tó kọ fúnra ẹ̀ ni mo tò síbẹ̀, mo wá bi í irú èwo ni: suppurative, serous (omi tí ò ṣọyún), òmíràn, àbí kò lè sọ. Ọjọ́ kejì ló dáhùn, suppurative, ìlù etí ò ya. Ìgbà yẹn ni mo tó tẹ H66.002 mi.

Ìkẹta lọ̀gá gbogbo wọn. Ọmọ ọdún méjì, bilateral (etí méjèèjì) acute suppurative otitis media, ìlù etí òsì ti ya, ti ọ̀tún ò ya. Dókítà tún kọ pé èéfín sìgá ń kan ọmọ náà nílé. Bí mo ṣe rí bilateral báyìí mo ti fẹ́ kọ H66.013, mo tún ní kí n dúró ná, torí H66.013 ń sọ pé ìlù etí méjèèjì ló ya, irọ́ sì ni. Kóòdù méjì ni: H66.012 fún òsì tó ya, H66.001 fún ọ̀tún tí ò ya. Mo fi Z77.22 sí i fún èéfín sìgá, torí wọ́n kọ ọ́ sábẹ́ H66 pé ká fi kún un. Orí mi wá wú, mo ní èmi náà ti mọ̀ ọ́n ṣe, ẹ sì mọ̀ pé ìlù tó bá dún jù, yíya ló ń ya. Mo fi H72.92 lé e, ìyẹn ihò lára ìlù etí òsì.

Kí n tó jí lọ́jọ́ kejì, ọ̀gá tó ń yẹ iṣẹ́ wa wò ti dá a padà. Excludes1, ìyẹn àkíyèsí pé a ò gbọdọ̀ kọ kóòdù méjèèjì pọ̀, wà lábẹ́ H72, H66.01 sì wà nínú àwọn tí wọ́n dárúkọ síbẹ̀, torí yíya yẹn ti wà nínú H66.012 tẹ́lẹ̀, ṣé ẹ̀ẹ̀mejì ni etí kan ṣoṣo fẹ́ ya ni? Tó bá jẹ́ ọyún ọlọ́jọ́ pípẹ́ ni, H66.1, H66.2, H66.3, a lè kọ H72, àmọ́ otitis ló máa ṣáájú. Mo ti ka èyí fún ìdánwò o, mo mọ̀ ọ́n, ìwà ẹ wò mí ló fà á.

Ìkẹrin ni ọmọkùnrin ọdún 16 kan, etí òsì ń dùn ún, dókítà kọ rule out mastoiditis, ìyẹn pé ó ń fura sí àìsàn egungun ẹ̀yìn etí, ó ní kí wọ́n máa lọ sí ọsibítù. Ní klíníkì, a kì í kọ kóòdù ohun tí dókítà ṣì ń fura sí, tẹ́ ẹ bá kọ H70 sí i lórúkọ, àìsàn tí ò tíì dájú pé ó ṣe é ti wọ fáìlì ẹ̀ nìyẹn. H92.02 ni mo kọ, etí dídùn, òsì. Etí dun àwọn mẹ́ta yòókù náà o, mi ò sì kọ H92 fún ìkankan nínú wọn, torí a ti mọ ohun tó ń fa ìrora tiwọn.

Dókítà AOM yẹn ti gbọ́, suppurative ló máa ń kọ gàdàgbà báyìí. Ṣáàtì ẹ̀ tó wọlé láàárọ̀ yìí, kò kọ etí wo.