Chichén Itzá àti cenote lọ́jọ́ kan ṣoṣo: àwọn àṣìṣe tó wọ́pọ̀ tó ń ba ọjọ́ yẹn jẹ́

Tẹ́ẹ bá ti balẹ̀ sí Cancún ní Mẹ́síkò, yálà Houston lẹ ti ń bọ̀ o tàbí London, kẹ́ẹ tó jáde nínú ọgbà áàpọ́ọ̀tù gan-an lẹ máa rí àwọn kan tó múra dáadáa tí wọ́n á máa rẹ́rìn-ín sí yín, wọ́n á ní túọ̀ Chichén Itzá, àwókù ìlú àtijọ́ àwọn Maya tó jẹ́ ọmọ onílẹ̀ ibẹ̀, wà, pé ọ̀fẹ́ lẹ fẹ́rẹ̀ẹ́ gbà á. Ẹ má dúró. Timeshare, ìyẹn ìpín nínú ilé ìsinmi, ni wọ́n ń tà. Kẹ́ẹ tó rí túọ̀ ọ̀fẹ́ yẹn, ẹ máa kọ́kọ́ lọ jókòó síbi kan tí wọ́n á ti máa wàásù ilé ìsinmi fún yín títí oòrùn á fi ga, tẹ́ẹ bá wá ní ẹ ò rà, ojú á bẹ̀rẹ̀ sí í le.

Èyí tẹ́ẹ fowó ara yín rà náà ní wàhálà tiẹ̀. Ìpolówó á ní Chichén Itzá, cenote méjì (ihò òkúta tó lómi nínú, téèyàn ń wẹ̀ nínú ẹ̀), ìlú Valladolid, oúnjẹ ọ̀sán, gbogbo ẹ̀ lọ́jọ́ kan, owó pọ́ọ́kú. Àwa náà a sì fẹ́ràn kí nǹkan pọ̀ lórí owó kékeré, a ò ní purọ́. Àmọ́ àkókò gan-an lẹ ń rà o, kì í ṣe iye ibi. Ẹ jẹ́ ká jọ ṣírò ẹ̀: láti Cancún dé Chichén Itzá tó igba kìlómítà, bíi wákàtí méjì àbọ̀ ní àlọ, bẹ́ẹ̀ náà ní àbọ̀, márùn-ún ti lọ nìyẹn. Bọ́ọ̀sì olówó pọ́ọ́kú kì í sì í gbé ẹ̀yin nìkan, á yípo hòtẹ́ẹ̀lì mélòó kan kó èèyàn, á wá yà sí ṣọ́ọ̀bù ńlá kan lójú ọ̀nà tí wọ́n á ti fi tequila tọ́ yín lẹ́nu wò, wọ́n á sì fẹ́ ta ìwé kan tí wọ́n fi òǹkà ọjọ́ Maya kọ ọjọ́ ìbí yín sí. Kẹ́ẹ tó dé ibi tẹ́ẹ tìtorí ẹ̀ kúrò nílé, ọ̀sán ti pọ́n, oòrùn ti wà lágbárí, bọ́ọ̀sì tó kù náà ti dé. Wákàtí kan àbọ̀ ni wọ́n á fún yín, gáìdì á sọ ọ́ lédè Spanish tán kó tó tún un sọ lédè Gẹ̀ẹ́sì, ẹ wá wo iye tó kù fún yín láti fi rìn. Valladolid ńkọ́? Kẹ́ẹ ya fọ́tò ṣọ́ọ̀ṣì kẹ́ẹ tọ̀ ni.

Torí náà ìbéèrè tó yẹ kẹ́ẹ bi wọ́n kẹ́ẹ tó sanwó ni pé aago mélòó la máa wọlé síbẹ̀, àti pé wákàtí mélòó la máa lò nínú ẹ̀. Aago mẹ́jọ àárọ̀ ni wọ́n ń ṣí géètì, márùn-ún ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n ń tì í. Tí wọn ò bá lè fún yín lésì tó dájú, ẹ wá ẹlòmíì. Èyí tó dáa jù lójú tèmi ni kẹ́ẹ lọ sun Valladolid mọ́jú, kò jìnnà síbẹ̀ rárá, kẹ́ẹ gba gáìdì láti ibẹ̀, ẹ máa wà lẹ́nu géètì kí bọ́ọ̀sì Cancún kankan tó dé.

Ọ̀rọ̀ aago gan-an tún ń da àwọn àlejò láàmú. Ìpínlẹ̀ Quintana Roo ni Cancún àti Tulum wà, ìpínlẹ̀ Yucatán ni Chichén Itzá wà, aago wọn kì í ṣe ọ̀kan náà. Láti 2015 ni Quintana Roo ti fi wákàtí kan ṣíwájú, ní 2022 ni Mẹ́síkò sì pa yíyí aago padà tì ní èyí tó pọ̀ jù nínú orílẹ̀-èdè náà, fún ìdí yìí, láti January dé December, tí aago mẹ́jọ bá lù ní Cancún, méje ló lù ní Chichén Itzá. Fóònù míì á yí aago fúnra ẹ̀, òmíì ò ní yí i, aago ọwọ́ ò sì mọ nǹkan kan. Tí gáìdì bá ní kẹ́ẹ padà sínú bọ́ọ̀sì ní aago méjì, ẹ bi í pé méjì ti ibo. Ṣùgbọ́n èrè wà níbẹ̀ o: ẹni tó kúrò ní Cancún ní méje tí kò yà síbì kankan á dé ní mẹ́jọ àbọ̀ aago ibẹ̀.

Ẹ má lọ lọ́jọ́ Sunday. Ọ̀fẹ́ ni fáwọn ọmọ Mẹ́síkò àtàwọn tó ń gbébẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, ẹ fojú inú wo èrò. Bákan náà ni ìgbà tí ọ̀sán àti òru bá dọ́gba nínú March àti September, torí òjìji tó ń wọ́ bí ejò sọ̀kalẹ̀ lára àtẹ̀gùn El Castillo, pírámídì ńlá àárín ọgbà náà, gbogbo ayé ló ń wá wò ó.

Ẹ tún wò ó dáadáa bóyá owó géètì wà nínú owó tẹ́ẹ san. Lọ́pọ̀ ìgbà kò sí, ibi tí wọ́n sì ti ń mú àwọn èèyàn nìyẹn, torí owó ọ̀nà méjì ló wà ńbẹ̀, ti ìjọba àpapọ̀ àti ti ìpínlẹ̀, àjèjì sì ń san ju ọmọ onílùú lọ. Ẹ mú pésò dání, owó wẹ́wẹ́ pàápàá, torí ilé ìtọ̀, torí lọ́kà, torí gáìdì àti dírẹ́bà. Ẹni tó bá ń san dọ́là ń san ju bó ṣe yẹ. Tẹ́ẹ bá sì ń gbowó lẹ́nu ATM tó bá bi yín pé ṣé kí òun ṣírò ẹ̀ sí dọ́là tàbí pọ́n-ùn fún yín, ẹ tẹ rárá, bánkì yín nílé á ṣe é lówó tó dínwó.

Páspọ́ọ̀tù ńkọ́? Ẹni tó fi páspọ́ọ̀tù Nàìjíríà rin ìrìn-àjò yìí, tó ní físà Amẹ́ríkà, UK, Kánádà tàbí Schengen tí kò tíì kú, tàbí green card, Mẹ́síkò ò ní bi í ní físà tiwọn. Àmọ́ ṣé ẹ wá máa fi í sílẹ̀ ní hòtẹ́ẹ̀lì lọ́jọ́ túọ̀ ni? Àwọn ìmígréṣọ̀n máa ń dá mọ́tò dúró lójú ọ̀nà níbẹ̀, ẹ̀yin náà sì mọ ẹni tí wọ́n máa ń kọ́kọ́ wò nínú bọ́ọ̀sì. Ẹ mú un dání, kẹ́ẹ fi í sínú ọ̀rá tí omi ò lè wọ̀.

Ẹ ti dé inú ọgbà wàyí. Ẹ má gun El Castillo. Ó ti lé ní ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tí wọ́n ti fòfin dè é, síbẹ̀ ẹ máa ń rí ẹnì kan tí á sáré gun òkè lọ torí fídíò, tó bá fi máa sọ̀ kalẹ̀, èrò á ti máa hó lé e lórí, wọ́n á máa da omi sí i lára, àwọn ẹ̀ṣọ́ á sì ti dúró dè é nísàlẹ̀. Ẹ dúró nísàlẹ̀ kẹ́ẹ ka àtẹ̀gùn: 91 ní ìhà kọ̀ọ̀kan, ìhà mẹ́rin, ẹ wá fi pèpéle òkè kún un, 365 ni, ọdún kan gbáko. Ẹ pàtẹ́wọ́ níwájú ẹ̀, kẹ́ẹ gbọ́ ohùn bíi ti ẹyẹ tó máa dá yín lóhùn.

Ẹ má gba gbogbo ohun tí gáìdì bá wí o. Ní pápá bọ́ọ̀lù ńlá yẹn, tó gùn tó 168 mítà, òmíì á ní balógun ẹgbẹ́ tó borí ni wọ́n ń bẹ́ lórí, òmíì á ní ti ẹgbẹ́ tó pàdánù ni. Ohun tí òkúta ara ògiri fi hàn ni ẹni tí wọ́n bẹ́ lórí, tí ẹ̀jẹ̀ ń tú jáde lọ́rùn ẹ̀ bí ejò, kò kọ síbẹ̀ ẹgbẹ́ wo ló wà. Wọ́n á tún ní àwọn wúńdíá ni wọ́n ń jù sínú Cenote Mímọ́. Egungun tí wọ́n kó jáde níbẹ̀ ní ti ọkùnrin, ó sì ní ti ọmọdé. Ní 2024 àwọn onímọ̀ gbé àyẹ̀wò DNA àwọn ọmọ 64 jáde, àwọn tí wọ́n sin sínú ihò kan nítòsí cenote náà: gbogbo wọn ọkùnrin, ìbejì tó jọra délẹ̀ sì wà láàárín wọn, pẹ́à méjì! Ìbejì wà nínú ìtàn ìpilẹ̀ṣẹ̀ àwọn Maya bó ṣe wà lẹ́nu àwa náà. Ẹ bi gáìdì yín nípa ìyẹn, tí kò bá tíì gbọ́ ọ rí, ẹ mọ irú gáìdì tẹ́ẹ ní.

Inú Cenote Mímọ́ yẹn, ẹnikẹ́ni ò gbọ́dọ̀ wẹ̀. Ibi ìrúbọ ni, wúrà àti òkúta jade ni wọ́n ń jù síbẹ̀. Edward Thompson, aṣojú ìjọba Amẹ́ríkà níbẹ̀, bẹ̀rẹ̀ sí í wa ìsàlẹ̀ ẹ̀ ní 1904, ó sì kó ẹrù ńlá ránṣẹ́ sí mùsíọ́mù Peabody ní Harvard, díẹ̀ ló ti padà wálé. Àwa tá a mọ ìtàn ère ilẹ̀ wa kò nílò àlàyé.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ba wọn sọ pé àwọn Maya ti pa run. Àwọn tó ń sọ èdè Maya ilẹ̀ Yucatán lónìí lé ní 700,000, dírẹ́bà yín lè wà lára wọn, àwọn tó ń ta ère nínú ọgbà náà ńkọ́. Ẹ ná ọjà, wọ́n retí ẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó jókòó tó ń gbẹ́gi lójú yín, ẹ má dá a sí ìdajì owó ẹ̀.

Cenote ló wá kù, ibẹ̀ sì ni àṣìṣe tiwa wà jù. Ẹ má pa òrí, ẹ má pa ìpara, ẹ má fi òróró sórí láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, títí kan ìpara tó ń dènà oòrùn àti tẹ̀fọn. Ẹ wọ aṣọ ìwẹ̀ alápá gígùn dípò ẹ̀. Àríwá Yucatán ò ní odò kankan tó ń ṣàn lórí ilẹ̀, òkúta ẹfun ni ilẹ̀ ẹ̀, òjò tó bá rọ̀ á gba inú òkúta wọlẹ̀ lọ ṣàn nísàlẹ̀, ibi tí òrùlé ihò bá ti wó lulẹ̀ ló di cenote. Omi tí ìlú ń mu náà nìyẹn. Wọ́n sì so mọ́ra wọn: ní 2018 àwọn òmùwẹ̀ rí i pé ihò omi Sac Actun àti Dos Ojos já síra wọn, gígùn wọn lápapọ̀ sì jẹ́ 347 kìlómítà. Ìdí tí wọ́n fi ń ní kẹ́ẹ wẹ̀ lábẹ́ ṣáwà kẹ́ẹ tó wọ̀ ọ́ nìyẹn, ẹ má fi ṣe ìbínú.

Ẹ sì wọ láífù jákẹ́ẹ̀tì. Mo mọ̀ pé ẹlòmíì mọ omi wẹ̀ ní hòtẹ́ẹ̀lì, àmọ́ swimming pool ní ibi tí ẹsẹ̀ ń kanlẹ̀. Cenote tí wọ́n ń pè ní Ik Kil ò ní. Bíi 26 mítà sí ojú ilẹ̀ ni omi ẹ̀ wà nísàlẹ̀, ẹ máa gba àtẹ̀gùn tútù sọ̀kalẹ̀, omi yẹn sì jìn tó 40 mítà. Tí irun yín bá jẹ́ braids gígùn, ẹ dì í mórí dáadáa kẹ́ẹ tó wọlé, ó ń wúwo gan-an tó bá ti fa omi. Fóònù tí kò sí okùn lára ẹ̀, ẹ fi sí lọ́kà.

Ik Kil ò sì pọn dandan. Òun ló sún mọ́ Chichén Itzá, torí náà gbogbo bọ́ọ̀sì ló ń já èrò síbẹ̀ lọ́sàn-án. Cenote Zací wà láàárín ìlú Valladolid gan-an. Ní ti cenote Suytun, torí fọ́tò ni àwọn èèyàn ṣe ń tò síbẹ̀, kì í ṣe torí ìwẹ̀.

Oúnjẹ: ohun mímu kì í sábà sí nínú owó bùfẹ́ẹ̀. Cochinita pibil tí gbogbo wọn ń yìn, ẹran ẹlẹ́dẹ̀ ni, kẹ́yin Mùsùlùmí béèrè kẹ́ẹ tó bù ú. Tí wọ́n bá ń fi habanero dẹ́rù bà yín, ìdílé kan náà ni òun àti ata rodo. Ẹ ní kí wọ́n gbé e wá.

Ẹ kó aṣọ gbígbẹ dání, torí AC inú bọ́ọ̀sì lálẹ́, òtútù ẹ̀ ò ṣe é fi aṣọ tútù jókòó sí fún wákàtí méjì àbọ̀.