Bí Mo Ṣe Ya Ojú Ilé ní Pópó Àgùdà

Ọjọ́ Ẹtì ni mo kọ́kọ́ lọ, àṣìṣe àkọ́kọ́ nìyẹn. Agboòrùn àwọn ọlọ́jà bo ìsàlẹ̀ gbogbo ilé ní òpópónà Bamgbose, ní Pópó Àgùdà l'Ékòó, ọkọ̀ dí ọ̀nà pa. Fèrèsé kan péré ni mo tíì yà tí ẹrù alábàárù kan fi gbá pẹ́ńsùlù dànù lọ́wọ́ mi. Mo kó ìwé mi, ó di ilé.

Ọjọ́ Àìkú ni mo padà, ní aago méje àárọ̀. Ọ̀nà ti ṣófo. Ilé mẹ́ta ni mo fẹ́ yà, kí àwọn ọmọ mi lè rí i bí wọ́n bá wó o lọ́la.

Àwọn Àgùdà ló kọ́ irú ilé wọ̀nyí: àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Bùràsíìlì àti Kúbà, àti àwọn ọmọ wọn, tí wọ́n padà sí Èkó láàárín 1800 sí 1900. Bíríkìlà àti káfíńtà pọ̀ nínú wọn. Irú ilé tó wà ní Bàháyà, ní Bùràsíìlì, ni wọ́n gbé wá: fèrèsé tí orí rẹ̀ tẹ̀ bí òṣùmàrè, òdòdó símẹ́ńtì yí i ká, ọ̀dẹ̀dẹ̀ kan la àárín ilé já, yàrá kọjú sí yàrá. Ẹni tó bá ti gbé ilé oníyàrá-kọjú-síra rí, bí ẹni tó padà délé ni yóò rí nínú rẹ̀.

Ilẹ̀kùn ni mo fi ń bẹ̀rẹ̀. Mo yà á tán, mo wá ń fi gíga rẹ̀ wọn ìyókù: pẹ́tẹ́ẹ̀sì yìí ga tó ilẹ̀kùn mélòó? Lẹ́yìn náà, mo fa ìlà kan sí àárín, nítorí apá ọ̀tún àti apá òsì dọ́gba, àyàfi níbi tí ẹnì kan ti fi búlọ́ọ̀kù dí fèrèsé nítorí ẹ̀rọ amúlétutù.

Níwájú ilé kejì ni ìyá àgbà kan ti yọjú.

“Ọmọ mi, ṣé ìjọba ló rán ọ?”

“Rárá o, mà. Àwòrán ni mo ń yà.”

“Má fi ọ̀dà pupa kọ nǹkan sára ilé wa o.”

Mi ò lè bá wọn jà. Ilojo Bar, ilé Àgùdà kan tó wà ní Tinubu, tí wọ́n kọ́ ní 1855, ìjọba ti kéde rẹ̀ ní ohun ìrántí orílẹ̀-èdè láti 1956. Síbẹ̀, lọ́jọ́ Àìkú kan ní oṣù Kẹsàn-án 2016, katakata wó o palẹ̀. Ìgbà tí ìyá rí ìwé mi ni wọ́n tó rẹ́rìn-ín, wọ́n sì ní kí n wọlé wá wo àkàbà onígi tí bàtà ti jẹ àárín rẹ̀.

Ilé Olómi ní Kakawa ni mo fi kásẹ̀ rẹ̀ nílẹ̀. João Esan da Rocha, ọmọ Ìjẹ̀ṣà tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Bàháyà ní kékeré, ló ni ín. Kànga rẹ̀ làwọn ará Èkó ti ń ra omi, kí omi ẹ̀rọ ìjọba tó dé láti Ìjú. Candido ọmọ rẹ̀ ni olówó tí àwọn òbí wa fi máa ń dá wa lóhùn: “Ṣé èmi ni Da Rocha ni?” Wákàtí méjì ni mo lò níbẹ̀, síbẹ̀, òrùlé rẹ̀ wọ́ díẹ̀ nínú ìwé mi.

Ìyá ní kí n mú àwòrán ilé àwọn wá, kí n fi férémù sí i. Mo ti ra férémù náà.