Bí ọ̀mọ̀wé ṣe lè gbé ọ̀rọ̀ àṣà wọ inú òfin àti ìṣúná: ìtọ́sọ́nà fún ará Abẹ́òkúta

Ọ̀rọ̀ dídùn tí ọ̀jọ̀gbọ́n sọ lórí pèpéle lọ́jọ́ Lísàbí kọ́ ló ń yí ìlànà ìjọba lórí àṣà padà. Ohun tó ń yí i padà ni ìwé ojú-ewé méjì tó wà lórí tábìlì ọ̀gá tí ọ̀rọ̀ kàn, tí wọ́n ti ṣírò owó rẹ̀, tó sì dé kí wọ́n tó parí ìṣúná ọdún tó ń bọ̀. Olùkọ́, olùwádìí, akọ̀ròyìn àti ọ̀gá ilé-ìwé tó ti fẹ̀yìn tì pọ̀ ní Abẹ́òkúta, ìmọ̀ sì wà lórí wọn. Ọ̀nà tí ìmọ̀ náà máa gbà dé Òkè-Mosàn, níbi tí ọ́fíìsì ìjọba ìpínlẹ̀ Ògùn wà, la fẹ́ là sílẹ̀ níbí.

Ẹ mú ohun kan ṣoṣo

"Àṣà wa ń kú lọ" kì í ṣe àbá. Òṣìṣẹ́ ìjọba tó bá kà á ò rí nǹkan kan fi í ṣe ju kó tì í bọ fáìlì lọ. Àbá ni ohun tí ìjọba lè ṣe láàárín ọdún kan, tí ojú gbogbo ayé sì lè rí bóyá wọ́n ṣe é tàbí wọn ò ṣe é.

Ẹ jẹ́ ká mú adìrẹ. "Kí ìjọba ran àwọn aláàdìrẹ lọ́wọ́" ti fẹ̀ jù. "Kí ìpínlẹ̀ Ògùn ní àmì kan fún adìrẹ tí a fọwọ́ ṣe, kí àwọn aláàdìrẹ ọjà Ìtòkú máa lẹ̀ ẹ́ mọ́ aṣọ wọn" ṣeé ṣe. Ibí yìí gan-an ni wọ́n ti nílò ọ̀mọ̀wé, torí ẹnì kan gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sílẹ̀ pé aṣọ wo ni àmì náà tọ́ sí. Tí ẹ bá kọ "aṣọ tó ní ọnà adìrẹ", ẹ ti ṣílẹ̀kùn fún aṣọ tí ẹ̀rọ tẹ̀ nílẹ̀ òkèèrè nìyẹn, àmì tó yẹ kó gbe aláró á sì padà pa á lára. Bí iṣẹ́ náà ṣe ń lọ ni kẹ́ ẹ kọ: aṣọ tí a fi ìko dì tàbí tí a fi abẹ́rẹ́ rán, tí a fi ẹ̀kọ láfún kùn, tàbí tí a fi àbẹ́là yíyọ́ tẹ̀, kí aró má bàa wọ ojú ibẹ̀, tí a wá rì bọ aró. Ẹ fi bí olùyẹ̀wò ṣe máa dá a mọ̀ kún un. Kó yí inú aṣọ síta. Èyí tí a rì bọ aró máa ń ní àwọ̀ lójú àti lẹ́yìn. Èyí tí ẹ̀rọ tẹ̀, àwọ̀ ẹ̀yìn rẹ̀ kì í sábà mú bíi ti ojú. Lára oníko tí a rán, ipa abẹ́rẹ́ àti ibi tí òwú ti fún aṣọ pọ̀ máa ń hàn. Irú gbólóhùn bẹ́ẹ̀ mẹ́ta wúlò ju ojú-ewé mẹ́wàá lórí ìtàn ẹ̀lú lọ.

Àwọn tó ni iṣẹ́ ló ni ọ̀rọ̀

Ẹ má kọ ìwé náà tán kẹ́ ẹ tó lọ bá àwọn aláàdìrẹ. Ẹ lọ nígbà tí ọjà bá rọlẹ̀, kẹ́ ẹ kọ́kọ́ kí àwọn ìyá tó ṣolórí wọn, kẹ́ ẹ ka àbá náà sí wọn létí ní Yorùbá látòkèdélẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ bi wọ́n ní ìbéèrè kan táwọn ọ̀mọ̀wé kì í sábà bèèrè: "Ẹ̀yin ìyá wa, ibo ni ọ̀rọ̀ yìí ti lè pa yín lára?" Ẹnì kan á sọ pé tí àmì bá di ohun tí a ń fowó rà, àwọn tí aṣọ wọn ò ju méjì-mẹ́ta lọ ò ní lè rà á. Ẹlòmíì á bèèrè pé ta ló máa wà nídìí títẹ àmì náà. Ọ̀rọ̀ oníko, ẹlẹ́kọ àti alábẹ́là kì í fi bẹ́ẹ̀ dọ́gba, nítorí náà ẹ rí i pé ẹ gbọ́ tẹnu àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Ìlú wa ti rí àpẹẹrẹ èyí rí. Ẹgbẹ́ àwọn obìnrin tó kàwé ni Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti kọ́kọ́ kó jọ. Ìgbà tí ẹgbẹ́ náà gba àwọn obìnrin ọjà wọlé, tó sì di Ẹgbẹ́ Obìnrin Abẹ́òkúta, ló tó lágbára láti kojú owó-orí tí wọ́n ń gbà lọ́wọ́ obìnrin. Ní 1949, Aláké Adémọ́lá fi ìtẹ́ sílẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, owó-orí náà sì dáwọ́ dúró.

Ohun tó yẹ kó wà nínú ìwé náà

Ojú-ewé méjì, kó má jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ohun tí ẹ ń béèrè ni kó ṣáájú, kì í ṣe ìtàn. Lẹ́yìn rẹ̀: ọ́fíìsì tó máa ṣe é, òfin tó gbè é, iye tó máa ná wọn, àti ohun tí a máa rí lẹ́yìn oṣù méjìlá.

Ní ti òfin, abala 21 nínú ìwé òfin ilẹ̀ Nàìjíríà ti 1999 sọ pé kí ìjọba dáàbò bo àṣà ilẹ̀ yìí, kó sì gbé e lárugẹ. Ìjọba àpapọ̀ sì ti ní ìlànà lórí àṣà láti 1988. Ẹ tọ́ka sí méjèèjì, ṣùgbọ́n ẹ má fi halẹ̀. Orí kejì ìwé òfin ni abala 21 wà, abala 6 sì ti sọ pé orí náà kì í ṣe ohun tí ará ìlú lè torí ẹ̀ wọ́ ìjọba lọ sílé ẹjọ́. Tó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ èdè lẹ bá lọ, abala 97 ni kẹ́ ẹ mú dání: ó fún ilé aṣòfin ìpínlẹ̀ láyè láti máa fi èdè míì tí wọ́n ń sọ ní ìpínlẹ̀ náà ṣiṣẹ́ pẹ̀lú Gẹ̀ẹ́sì, tí ilé bá ti fọwọ́ sí i.

Owó ló máa ń bá ọ̀mọ̀wé lójijì. Ká ní ẹ fẹ́ kí ìjọba gba orúkọ ọnà àti ọ̀rọ̀ iṣẹ́ sílẹ̀ lẹ́nu ogún àgbà aláró. Wákàtí méjì-méjì jẹ́ wákàtí 40. Wákàtí kan ọ̀rọ̀ ẹnu lè gba wákàtí mẹ́fà kí a tó kọ ọ́ tán pẹ̀lú àmì ohùn, ó di 240. Ẹni tó ń kọ wákàtí mẹ́fà lóòjọ́ máa lo ogójì ọjọ́. Tí wọ́n bá jẹ́ méjì, ogún ọjọ́. Ẹ fi owó iṣẹ́ òòjọ́, owó ọkọ̀, ẹ̀rọ ìgbohùnsílẹ̀ àti owó ìkíni fún àwọn àgbà kún un. Ibi tí àṣìṣe ti máa ń wọlé ni ìkọ̀wé yìí: wọ́n á ṣírò ọjọ́ ìgbohùnsílẹ̀ nìkan, owó á tán, ohùn á wà nínú kọ̀ǹpútà láìsí ẹni tó kọ ọ́ jáde.

Ẹ mú ẹ̀rí wá pẹ̀lú. Nígbà tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Babs Fáfúnwá àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fẹ́ fi hàn pé èdè Yorùbá tó fi kọ́ ọmọ nílé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, wọ́n bẹ̀rẹ̀ ètò ọdún mẹ́fà ní Ilé-Ifẹ̀ ní 1970, wọ́n kọ ìwé, wọ́n kọ́ olùkọ́, wọ́n sì fi àwọn ọmọ náà wé àwọn tó ń kẹ́kọ̀ọ́ lọ́nà àtẹ̀yìnwá. Títí dòní, kò sẹ́ni tó lè sọ̀rọ̀ èdè abínibí nílé-ìwé láì kan iṣẹ́ wọn.

Ìgbà àti ọ̀nà

Oṣù kìn-ín-ní ni ọdún ìṣúná ń bẹ̀rẹ̀. Àbá tó bá dé ní oṣù kọkànlá ti pẹ́. Ẹ jẹ́ kó dé ọ́fíìsì tó ń rí sí àṣà kí oṣù keje tó parí, nígbà tí wọ́n ṣì ń kó ohun tí wọ́n fẹ́ jọ. Ẹ mú ẹ̀dà méjì lọ, kí wọ́n lu òǹtẹ̀ gbígbà mọ́ èyí tó máa wà lọ́wọ́ yín, pẹ̀lú déètì. Láìsí òǹtẹ̀ yẹn, wọ́n lè ní àwọn ò rí ìwé kankan.

Tí ẹ bá nílò àkọsílẹ̀ ìjọba, òfin ẹ̀tọ́ sí ìròyìn ti 2011 fún wọn ní ọjọ́ méje láti dáhùn. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ sì ti là á mọ́lẹ̀ ní 2025 pé òfin náà de ìjọba ìpínlẹ̀.

Tó bá jẹ́ àbádòfin ló wà nílẹ̀, ìjókòó ìta gbangba ni àyè yín. Ẹ fi ìwé ránṣẹ́ sí akọ̀wé ilé ṣáájú, kẹ́ ẹ wá lo ìṣẹ́jú díẹ̀ tí wọ́n bá fún yín lórí gbólóhùn tí ẹ fẹ́ kí wọ́n yí padà nìkan. Ẹ kọ gbólóhùn tuntun náà síbẹ̀ fún wọn. Aṣòfin tó gba ọ̀rọ̀ tó ti ṣetán yóò lò ó. Èyí tó gba àlàyé lásán ò ní ráyè jókòó kọ ọ́. Tí ilé bá fọwọ́ sí i tán, gómìnà ní ọgbọ̀n ọjọ́ láti buwọ́ lù ú tàbí kó kọ̀.

Ibi tó ti máa ń bàjẹ́

Kọmíṣọ́nà ń lọ, òmíràn ń bọ̀. Ẹ má fi gbogbo ọ̀rọ̀ rọ̀ mọ́ ẹnì kan. Akọ̀wé àgbà àti àwọn adarí ẹ̀ka ló ń pẹ́ níbẹ̀, àwọn ló mọ ibi tí fáìlì wà. Ẹ má sì jẹ́ ẹni tó kọ àbá kó tún gba kọngílá rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe ń ṣẹlẹ̀, ọjọ́ yẹn náà sì ni àwọn ìyá ọjà ò ní gba ọ̀rọ̀ yín gbọ́ mọ́.

Ẹ ní sùúrù pẹ̀lú. Ọdún 1966 ni ìjọba Ìwọ̀-oòrùn gbé ìgbìmọ̀ kalẹ̀ lórí àkọtọ́ Yorùbá, ìyẹn bó ṣe yẹ ká máa kọ èdè náà sílẹ̀. Ó di 1974 kí ìgbìmọ̀ ẹ̀kọ́ orílẹ̀-èdè tó fọwọ́ sí àkọtọ́ tí à ń lò lónìí.

Tí àbá yín bá wọ ìṣúná, iṣẹ́ ò tíì parí, torí owó tí wọ́n kọ sílẹ̀ lè má jáde. Ìjọba ìpínlẹ̀ máa ń gbé ìròyìn ìnáwó jáde sórí íntánẹ́ẹ̀tì ní oṣù mẹ́ta-mẹ́ta. Ẹ wá ìlà yín níbẹ̀, kẹ́ ẹ wo iye tí wọ́n kọ àti iye tí wọ́n ná. Tó bá jẹ́ òdo ló wà níbẹ̀ títí oṣù kẹfà fi parí, ẹ tún ìwé kọ, kẹ́ ẹ so ẹ̀dà tó ní òǹtẹ̀ mọ́ ọn, kẹ́ ẹ sì fi ẹ̀dà kan ránṣẹ́ sí alága ìgbìmọ̀ ilé aṣòfin tó ń rí sí àṣà.